Òfì Tó Ń Tiro ní Balmurdo

Ní Balmurdo, àdúgbò àwọn ahunṣọ ní Skọ́tílándì, ẹnikẹ́ni kì í kan ilẹ̀kùn béèrè bóyá lágbájá wà nílé. Etí la fi ń mọ̀. Bí o bá wọ àdúgbò náà láàárọ̀, òfì ni wàá máa gbọ́ láti ilé dé ilé, kálukú pẹ̀lú ohùn tirẹ̀. Ti Wattie Lumsden máa ń le, bí ẹni tó ń bá gbèsè jà. Ti Nichol ọ̀mùtí á máa sáré kìtàkìtà lọ́jọ́ Jímọ̀, torí kò ṣe nǹkan kan láti Mọ́ńdè. Ti Gavin Purdon ní tirẹ̀, ńṣe ló ń tiro. Kì-kà, kììì-kà. Kì-kà, kììì-kà. Kẹ̀kẹ́ ẹrù ló gorí ẹsẹ̀ òsì rẹ̀ nígbà tó wà ní kékeré, egungun ọ̀hún kò sì jinná dáadáa. Bó bá fi ẹsẹ̀ yẹn tẹ igi abẹ́ òfì, ẹsẹ̀ á kọ́kọ́ wọ́ díẹ̀ kó tó balẹ̀. Kò sí ẹlòmíràn tó ní irú ohùn bẹ́ẹ̀ láti ibẹ̀ dé Glasgow.

Grizel ni ìyá rẹ̀. Obìnrin kúkúrú ni, ẹnu rẹ̀ mú bí abẹ, ọwọ́ rẹ̀ kì í dilẹ̀. Inú ariwo òfì ni wọ́n bí i sí. Kó tó mọ ìwé kà ló ti mọ òwú ká. Ó fẹ́ Mungo Purdon, ahunṣọ bíi baba rẹ̀. Ó bí ọmọ, ó sin ọmọ, títí tó fi ku Gavin nìkan. Nígbà tí ikọ́ dá Mungo dùbúlẹ̀, Grizel fúnra rẹ̀ ló jókòó sídìí òfì. Àwọn aṣojú oníṣòwò tó ń gbé òwú wá láti Glasgow kì í san owó ọkùnrin fún iṣẹ́ obìnrin, ló bá ń fara wé ohùn òfì Mungo. Bí Mungo ṣe ń gbá a lòun náà ń gbá a, gbogbo àdúgbò sì ń sọ pé ara Mungo mà ti ń yá o. Lọ́jọ́ tí Mungo kú, ẹnu ya Wattie Lumsden, tí ògiri kan ṣoṣo pààlà ilé òun àti tiwọn. Ó ní, "Àná yìí mà ni mo gbọ́ ọ nídìí òfì!" Grizel àti Gavin nìkan ló mọ àṣírí yẹn, wọ́n sì gbé e mì.

Lẹ́yìn náà ni nǹkan wá le. Ogun Faransé parí, àwọn sójà wálé láti wá ṣiṣẹ́ tí kò sí, àwọn ọlọ́rọ̀ sì ń kọ́ ilé ẹ̀rọ sí ìlú ńlá. Aṣọ tí Mungo fi ń bọ́ ilé nígbà ayé rẹ̀, Gavin á hun ìlọ́po méjì rẹ̀ kó tó rí ògì óòtì mu. Bí ọwọ́ bá dilẹ̀ nírọ̀lẹ́, àwọn ahunṣọ á péjọ sílé Wattie, ẹnìkan á máa ka ìwé ìròyìn, àwọn yòókù á máa bá a jà bí ẹni pé òun ló kọ ọ́.

Wattie á ní, "Ta ló ń ṣòfin ilẹ̀ yìí?"

Wọ́n á ní, "Olówó."

"Ta lòfin ń jẹ níyà?"

"Àwa náà ni!"

Àwọn kan ní kí àwọn gba ẹ̀tọ́ ìdìbò, àfi dandan. Àwọn mìíràn ní kí àwọn fi ilẹ̀ náà sílẹ̀ fáwọn tó ni ín, kí àwọn kọjá sí Kánádà, níbi tí ìjọba ti ń fúnni ní oko. Ọ̀pọ̀ ń fẹ́ méjèèjì pọ̀, torí ebi kì í jẹ́ kí èèyàn mú ọ̀nà kan. Bí Ẹgbẹ́ Arìnrìn-àjò Balmurdo ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn, Wattie sì ni alága. Grizel àti Gavin wà nínú ẹgbẹ́ náà. Tibbie, ọmọbìnrin Wattie, ni àfẹ́sọ́nà Gavin, wọ́n sì ti pinnu pé kí ọkọ̀ tó ṣí làwọn ó ṣègbéyàwó.

Tibbie máa ń tọ́ Grizel níjà. Á ní, "Ìyá, wọ́n ní òtútù Kánádà ń gé èèyàn létí."

Grizel á ní, "Kó gé e kúrò. Ariwo òfì tí etí yìí ti gbọ́ tó ó."

Ẹ̀rín nìyẹn o. Ṣùgbọ́n tí Grizel bá dákẹ́ tan, ohun kan ṣoṣo ló wà lọ́kàn rẹ̀. Kò bìkítà fún ìdìbò, kò bìkítà fún oko. Ibi tí Gavin bá wà ni kí òun náà wà, kó jẹ́ Gavin ni yóò sin òun, kì í ṣe òun ni yóò tún sin Gavin. Ó ti sin ọmọ tó.

Nígbà tó di ìgbà ìrúwé ọdún 1820, a jí lọ́jọ́ Ìsinmi kan, a bá ìwé tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ilẹ̀kùn ìjọ. Ó ní kí gbogbo òṣìṣẹ́ Skọ́tílándì dáwọ́ iṣẹ́ dúró títí ọba yóò fi gbọ́ tẹnu wọn. Lọ́jọ́ kejì, Balmurdo pa lọ́lọ́. Ẹni tí kò bá gbé ibẹ̀ rí kò lè mọ bí ìdákẹ́ yẹn ṣe rí. Adìẹ ló kù tó ń sọ̀rọ̀. Wattie lọ láti ojúlé dé ojúlé, ó ní, "Ẹni tó bá fọwọ́ kan òfì lásìkò yìí, a ò ní bá a jẹ, a ò ní bá a mu, bí òkú bá sì kú fún un, òun nìkan ni yóò gbé e." Gbogbo èèyàn ló ṣe àmín, Gavin ló sì ṣe é sókè jù.

Àwọn ọ̀dọ́kùnrin gbé ọ̀kọ̀ gígùn tí alágbẹ̀dẹ ti rọ pa mọ́, wọ́n gun orí òkè lọ láti lọ pàdé ẹgbẹẹgbẹ̀rún tí wọ́n ní ó ń bọ̀ láti Glasgow. Gavin bá wọn lọ, tòun ti ẹsẹ̀ rẹ̀. Dougal, àkọ́bí Wattie, ló ń bá a gbé ọ̀kọ̀ rẹ̀ tó bá rẹ̀ ẹ́. Ẹgbẹẹgbẹ̀rún wo? Ẹyọ ẹnìkan kò wá. Àìrìnpọ̀ ejò ló ń jẹ ejò níyà, àwọn àgbà ti sọ ọ́ tipẹ́. Kùrukùru bo orí òkè, àwọn sójà ẹlẹ́ṣin sì já lu wọn láti inú rẹ̀. Kálukú sá gba ibi tí ojú rẹ̀ kọ sí.

Adam ló mú ìròyìn wá bá Grizel. Arákùnrin rẹ̀ ni, olùṣọ́ àgùntàn lórí òkè. Ẹ̀yìn ilé ló gbà wọlé, kò tiẹ̀ jókòó.

"Ọmọ rẹ wà lọ́dọ̀ mi nínú ilé àgùntàn. Ẹsẹ̀ rẹ̀ ti wú, kò lè tẹ̀ ẹ́."

"Ó wà láàyè?"

"Ó wà láàyè, ó ń bú gbogbo ayé. Grizel, fetí sílẹ̀. Wọ́n ti mú Dougal. Àwọn sójà ń bọ̀ wá sí àdúgbò yìí, ojúlé kọ̀ọ̀kan ni wọ́n ó wọ̀. Ọkùnrin tí wọn ò bá bá nílé, orí òkè ni wọ́n ó kà á sí. Okùn ni fún un."

"Kí ni kí n ṣe?"

Adam gbójú sílẹ̀. "N ò mọ̀. Mo kàn ní kí o gbọ́ ni."

Èmi ò tíì rí ìmọ̀ràn tó wúlò tó yìí rí láyé mi! Ó sọ bẹ́ẹ̀ tán, ó padà sídìí àgùntàn rẹ̀.

Àwọn sójà kò pẹ́ dé. Ọ̀gá wọn wà lórí ẹṣin, Saunders Pettigrew, alàgbà ìjọ, sì ń rìn lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, torí òun ló mọ gbogbo èèyàn. Saunders kì í ṣe èèyàn burúkú. Kì í mutí, kì í rẹ́rìn-ín, kì í purọ́, kódà bí irọ́ ọ̀hún bá máa gba ẹ̀mí là. Ibẹ̀ gan-an ni wàhálà rẹ̀ wà. Grizel yọjú lójú fèrèsé, ó rí wọn ní ilé Nichol. Ilé Wattie ló kàn, lẹ́yìn ìyẹn tiwọn. Ó wo òfì ọmọ rẹ̀, aṣọ tí kò tíì parí wà lórí rẹ̀ bí Gavin ṣe fi í sílẹ̀. Ló bá fa ẹ̀wù Gavin wọ̀, ó dé fìlà rẹ̀, ó jókòó, ó kọ ẹ̀yìn sí fèrèsé. Ó gbé ẹsẹ̀ òsì, ó jẹ́ kó wọ́ díẹ̀ kó tó balẹ̀.

Kì-kà, kììì-kà.

Ó gbọ́ tí pátákò ẹṣin dúró níwájú ilé.

"Ta ló ń gbé ibí yìí?"

Ohùn Saunders ló dáhùn. "Gavin Purdon ni, sà, arọ. Ẹ ò gbọ́ bó ṣe ń tiro ni? Kò sí ẹlòmíràn tó ń hunṣọ báyìí."

"Ó wá ń ṣiṣẹ́ nígbà táwọn yòókù daṣẹ́ sílẹ̀?"

"Bí ẹ ṣe ń gbọ́ ọ yẹn, sà."

"Ṣé o lè búra pé òun ni?"

"Mo lè búra." Saunders gbé ọwọ́ lé Bíbélì rẹ̀, ó búra.

Ọ̀gá sójà bẹ̀rẹ̀ lórí ẹṣin, ó yọjú wo inú òkùnkùn ilé, fìlà àti èjìká ọkùnrin ló rí. Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Ọmọ gidi kan ṣì kù níbí," ó sì ta ẹṣin rẹ̀. Grizel kò dúró. Òógùn ń bọ́ sójú rẹ̀, omijé ń bọ́ sí i, ọwọ́ sì ń lọ. Inú rẹ̀ dùn débi pé ó fẹ́rẹ̀ẹ́ ké. Abiyamọ kì í gbọ́ igbe ọmọ rẹ̀ kó má tatí wéré, òun náà ti tatí, ó sì ti gba ọmọ rẹ̀ lọ́wọ́ okùn. Gbogbo ìgbà táwọn sójà fi sùn nínú ilé ìjọ, ojoojúmọ́ ló ń gbá òfì náà. Kò ronú kan ohun mìíràn rárá.

Ṣùgbọ́n etí mìíràn wà ní òdì kejì ògiri. Wattie jókòó nínú ilé rẹ̀ tó dákẹ́, àkọ́bí rẹ̀ wà nínú ẹ̀wọ̀n, ó sì ń gbọ́ kì-kà, kììì-kà láti àárọ̀ títí di alẹ́. Gbogbo àdúgbò ń gbọ́ ọ. Ìgbà tí a bá ju òkò sọ́jà, ará ilé ẹni ní ń bá, ọ̀rọ̀ náà sì ṣe bẹ́ẹ̀ bá Grizel. Nígbà tó tún wá gbé garawa lọ sídìí kànga, àwọn obìnrin yà fún un bí ẹni yà fún adẹ́tẹ̀.

Mause, ìyàwó Nichol, ló kọ́kọ́ la ẹnu. "Ẹ kú iṣẹ́ o, ìyá oníṣẹ́. Aṣọ tọ́mọ yín ń hun yìí mà dára o. Ṣé ti ìsìnkú Dougal ni?"

"Mause, má bá mi sọ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀."

"Kí ni kí n wá bá yín sọ? Sójà wọlé gbogbo wa, wọ́n tú ibùsùn mi, wọ́n fọ́ ìkòkò. Tiyín nìkan ni wọn ò wọ̀. Ẹ̀rín ni wọ́n rín kọjá! Ta ló sọ fún wọn pé orí òkè làwọn ọmọ wa wà?"

Grizel lanu. Ó rí ọmọbìnrin tó ń bá Saunders ṣiṣẹ́ ilé, tó gbé garawa tirẹ̀ dúró, tó ń gbọ́. Ó pa ẹnu náà dé. Ẹyin lohùn, bó bá balẹ̀ fífọ́ ló ń fọ́. Bó bá sọ pé òun lòun jókòó sídìí òfì, kí ọ̀sán tó pọ́n Saunders á ti gbọ́, àwọn sójà á sì padà. Ó pọn omi rẹ̀, ó gbé e, àwọn obìnrin sì tutọ́ sí ojú ẹsẹ̀ rẹ̀ bó ṣe ń lọ.

Àwọn sójà ti kúrò tán kí Gavin tó sọ̀ kalẹ̀ láti orí òkè. Kò tiẹ̀ kọ́kọ́ wọlé wọn. Ilé Wattie ló lọ tààrà láti lọ kí i kú ọ̀rọ̀ Dougal. Grizel gbọ́ gbogbo rẹ̀ láti inú ilé. Ògiri yẹn kò mọ bí wọ́n ṣe ń pa nǹkan mọ́.

"Ẹ pẹ̀lẹ́ sà, Bàbá Tibbie. Mo wà pẹ̀lú rẹ̀ títí kùrukùru fi..."

"O wà pẹ̀lú ta?"

"Pẹ̀lú Dougal, sà."

"Gavin, mo ti darúgbó, n ò tíì dití. O bá wọn gòkè, o sá padà; inú ilé rẹ lo wà. Mo gbọ́ ọ. Wọ́n ń fa ọmọ mi kọjá níwájú ilé tòun ti ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀, ìwọ ń hunṣọ. Kúrò lẹ́nu ọ̀nà mi."

"Tibbie!" Gavin pè é. "Tibbie, jáde wá!"

Tibbie kò jáde.

Nígbà tó wọlé, ó wo òfì. Aṣọ tó fi sílẹ̀ láìparí ti gùn sí i. Ó wo ìyá rẹ̀. Kò béèrè nǹkan kan, ó ṣáà ti mọ ohun tí ìyá rẹ̀ lè ṣe nídìí òfì. Grizel ló sọ ọ́ tán fúnra rẹ̀, tó ń fi ọwọ́ nu ojú.

Gavin jókòó sílẹ̀. Ó ní, "Ẹ yọ ọrùn mi nínú okùn, Ìyá. Ẹ wá ki orúkọ mi bọ inú rẹ̀."

"Jẹ́ kí n lọ sọ fún Wattie. Òun nìkan."

"Wattie tí wọ́n mú ọmọ rẹ̀ lọ? Bó bá mọ̀, ṣé á lè dákẹ́? Saunders ti búra, Ìyá. Ọjọ́ tí Saunders bá mọ̀ pé irọ́ ni òun búra sí, ẹsẹ̀ kan náà ló máa fi gba ilé adájọ́ lọ. Ẹ dákẹ́. Mo bẹ̀ yín."

Ó dákẹ́. Omi ti tẹ̀yìn wọ ìgbín lẹ́nu, kí ni ìgbín tún fẹ́ sọ? Kí ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn tó parí, wọ́n ti dá Dougal lẹ́jọ́, wọ́n kó o sọ́kọ̀ lọ sí ilẹ̀ àwọn ẹlẹ́wọ̀n ní òpin ayé. Gavin kò jókòó sídìí òfì mọ́, torí bó bá gbá a lẹ́ẹ̀kan péré, àwọn èèyàn á bẹ̀rẹ̀ sí í ju ẹrẹ̀ lu fèrèsé. Ó ń lọ fọ́ òkúta lójú títì. Ní ìgbà òtútù, Ẹgbẹ́ Arìnrìn-àjò gbọ́ pé ìjọba ti fún wọn láyè nínú ọkọ̀. Wọ́n ṣèpàdé, wọ́n sì yọ Gavin Purdon bí ẹni yọ jìgá.

Wattie ló wá jẹ́ iṣẹ́ náà. Ẹnu ọ̀nà ló dúró sí. Ó ti rù.

"Grizel, àyè tìrẹ ṣì wà níbẹ̀. A ò ní ìjà pẹ̀lú ìwọ. Kò sẹ́ni tó ń yan irú ọmọ tí yóò bí."

"Bàbá Tibbie, ẹ gbọ́ mi..."

"Sọ ọ́. Àní kí o sọ ọ́! Ṣé mo purọ́ mọ́ ọn ni? Ṣé kì í ṣe ohùn òfì rẹ̀ ni mo gbọ́? Wò mí lójú kí o ní n ò gbọ́ ọ."

Grizel wò ó lójú. Ọ̀rọ̀ kún ẹnu rẹ̀ dé etí, àánú ọkùnrin náà ń ṣe é, àánú ara rẹ̀ náà ń ṣe é. "Ẹ gbọ́ ọ," ló sọ.

"Tóò. Ṣé wàá bá wa lọ?"

"Ibi tí Gavin ò bá dé, n ò ní í dé ibẹ̀."

Wattie mi orí, ó lọ.

Òwúrọ̀ ọjọ́ Sátidé kan ni wọ́n lọ, nígbà tí ìrúwé tún dé. Kẹ̀kẹ́ ẹrù tò lọ bẹẹrẹ, àpótí, ìkòkò, àga ìyá àgbà, ìdajì Balmurdo ń lọ sí èbúté Greenock. Ìdajì yòókù jáde wá sunkún. Saunders Pettigrew dúró láàárín ọ̀nà pẹ̀lú Bíbélì, ó gbàdúrà tó gùn títí àwọn ẹṣin fi ń ta ìrù. Gavin jáde síta. Grizel ti bẹ̀ ẹ́ kó má jáde, ṣùgbọ́n Gavin ní òun fẹ́ rí Tibbie kó tó lọ, kí ẹnikẹ́ni tó bá fẹ́ tutọ́ tutọ́. Ó dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀nà, ó ṣí fìlà, ó fi ọwọ́ méjèèjì dì í mú síwájú.

Grizel ń wò wọ́n láti ojú fèrèsé. Tibbie wà lórí kẹ̀kẹ́, ó kọjú sí ibòmíràn. Mause ló nàka láti orí ẹrù rẹ̀, ó kígbe kí gbogbo ayé lè gbọ́:

"Ẹ wò ó o! A ó sọ ọ́ fáwọn ọmọ wa ní Kánádà, àwọn ọmọ wa á sọ ọ́ fáwọn ọmọ wọn. Gavin Purdon, tó ń hunṣọ nígbà tí wọ́n ń de àwọn arákùnrin rẹ̀!"

Gavin kò mi. Ó kàn ń fi ọwọ́ lọ́ fìlà náà. Ìyẹn gan-an ni Grizel kò lè wò. Ó ti fara da ìtọ́, ó ti fara da ẹrẹ̀, ṣùgbọ́n pé kí wọ́n gbé orúkọ ọmọ òun kọjá òkun, kí wọ́n gbìn ín sí ilẹ̀ tuntun, kí ó máa hù níbẹ̀ nígbà tí òun àti Gavin bá ti jẹrà! Orúkọ rere sàn ju wúrà àti fàdákà, Saunders fúnra rẹ̀ ló ń kà á fún wọn. Kò rò ó síwájú sí i. Ó kúrò lójú fèrèsé, ó jókòó sídìí òfì tó ti dákẹ́ fún bí ọdún kan. Aṣọ àtijọ́ yẹn ṣì wà lórí rẹ̀. Ó gbé ẹsẹ̀ òsì, ó jẹ́ kó wọ́.

Kì-kà, kììì-kà. Kì-kà, kììì-kà.

Níta, ohun gbogbo dúró. Mause ṣì nàka, ẹnu rẹ̀ ṣì là sílẹ̀. Gbogbo wọn wo fèrèsé, wọ́n wo Gavin tó dúró láàárín wọn, tí ọwọ́ rẹ̀ kò mú nǹkan kan ju fìlà lọ. Òfì sì ń tiro lọ nínú ilé.

Wattie ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀, bí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ lójú oorun. "Mungo," ló ní. "Mungo tí mo gbọ́ nídìí òfì lọ́jọ́ tó ku ọ̀la tí yóò kú." Ó sọ̀ kalẹ̀ lórí kẹ̀kẹ́, ó wá dúró lójú fèrèsé. "Ìwọ ni? Ìwọ ni láti ọjọ́ yìí? Grizel, kí ló dé tí o ò sọ fún mi?"

Grizel dáwọ́ dúró. "Saunders ti búra," ló sọ.

Gbogbo orí yí sí Saunders. Ojú ọkùnrin náà ti funfun bí ẹfun. Ó wá ní, "Mo gbé ọwọ́ lé Bíbélì."

"Ọdún kan ti kọjá, Alàgbà," Wattie ní. "Ẹ fojú fò ó. Ẹ wo ọmọ yìí."

"Ọdún kì í pa ìbúra rẹ́, Wattie Lumsden. Mo jẹ́rìí èké níwájú Ọlọ́run." Ó wo Gavin, ó pẹ́ tó fi ń wò ó. "Ọ̀la ni Ọjọ́ Olúwa. N kì í rìnrìn àjò lọ́jọ́ Olúwa. Mọ́ńdè ni n ó gba ọ̀dọ̀ adájọ́ lọ. Ẹ gbọ́ o. Mọ́ńdè." Ó pa Bíbélì rẹ̀ dé, ó yí padà, ó ń lọ sílé rẹ̀. Ohun tí ó lè fúnni nìyẹn, ó sì ti fún wa.

Tibbie ti bẹ́ sílẹ̀. Ó di ẹ̀wù Gavin mú, ó ń mì ín bí ẹni tó fẹ́ lù ú. "O ò sọ fún mi! O jẹ́ kí n kórìíra rẹ látìgbà yìí wá!"

"Gorí kẹ̀kẹ́, Tibbie."

"Máa bọ̀ pẹ̀lú wa. Bàbá, ẹ sọ fún un kó máa bọ̀!"

Wattie kò lè gbójú sókè. Wọ́n ti fi ẹlòmíràn dípò Gavin, Greenock sì ni ibi tí àwọn agbófinró yóò kọ́kọ́ wá. Gbogbo èèyàn ló mọ̀ bẹ́ẹ̀, Tibbie náà mọ̀. Awakọ̀ ẹṣin pariwo pé omi òkun kì í dúró de ẹnìkan. Wattie ṣí fìlà níwájú Gavin, ó ní, "Foríjì mí, ọmọ mi," ó sì fa ọmọbìnrin rẹ̀ gun kẹ̀kẹ́. Bí wọ́n ṣe ń kọjá lọ, ọkùnrin kọ̀ọ̀kan ń ṣí fìlà fún Gavin. Mause bo orí rẹ̀ mọ́ inú ìborùn, ó ń sunkún. Orúkọ Gavin ti padà sípò. Ẹ jọ̀ọ́, kí ni wọ́n ń fi orúkọ jẹ?

Lọ́jọ́ Ìsinmi, Grizel di búrẹ́dì óòtì àti wàràkàṣì díẹ̀ sínú aṣọ. Owó tó wà nílé kò lè gbé ju ẹnìkan lọ, ẹsẹ̀ ìyá àgbà àti ẹsẹ̀ arọ kò sì lè jùmọ̀ sá fún ẹnikẹ́ni. Wọ́n dúró títí agogo ìjọ fi dún, tí ojú ọ̀nà fi dá.

"Ìyá, n ó gba ọ̀nà..."

Ó fi ọwọ́ bò ó lẹ́nu. "Má sọ ọ́. Irọ́ tí mo pa lẹ́ẹ̀kan, ibi tó gbé wa dé rèé. Wọ́n ó bi mí, Gavin. N ò fẹ́ mọ ohun tí n ó fi pa mọ́."

"Tí mo bá wá gúnlẹ̀, n ó kọ̀wé."

"Má kọ ọ́. Saunders ni lẹ́tà gbogbo wa ń gba ọwọ́ rẹ̀ kọjá."

Ó di ọmọ rẹ̀ mú títí agogo fi dákẹ́. Ó wá tì í síta lọ́jọ́ Olúwa, òun tí kì í jẹ́ kí wọ́n súfèé lọ́jọ́ yẹn. Kò yọjú wo ọ̀nà tó gbà. Ó gbọ́ ẹsẹ̀ rẹ̀ lórí òkúta, ọ̀kan ń tẹ̀, ọ̀kan ń wọ́, títí kò fi gbọ́ nǹkan kan mọ́. Ó wọ bàtà, ó lọ jókòó sórí àga rẹ̀ nínú ìjọ.

Saunders ṣe bó ṣe wí. Mọ́ńdè ló lọ, Túsìdeè ló padà pẹ̀lú agbófinró. Wọ́n wo abẹ́ ibùsùn, wọ́n wo òkè àjà. Agbófinró bi Grizel pé, "Níbo lọmọ rẹ wà?"

"N ò mọ̀."

Saunders tẹjú mọ́ ọn. Ojú rẹ̀ pọ́n, kò jọ pé ó ti sùn. "Grizel Purdon, ṣé òótọ́ lo sọ yẹn?"

"Òótọ́ ni, Alàgbà."

Òótọ́ ni. Òótọ́ náà ni títí Grizel fi kú.